Bàbá Méjì Nínú Ilé Kan

Ẹ̀yin tí ẹ jókòó yìí, ta ni nínú yín tí ó mọ ohun tí ó mú kí àwọn àgbà máa wí pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ ní orúkọ? Ẹ rò pé ọjọ́ ìsọmọlórúkọ ni ó bí òwe náà. Rárá o. Kọ̀ǹpútà ni.

Obìnrin kan wà ní Òkè-Ìlẹ̀kẹ̀ tí ń jẹ́ Ìbíwùmí, ó ń bá ènìyàn tẹ ìwé sórí kọ̀ǹpútà ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Ẹ̀kọ́ ilé pọ̀ lára rẹ̀ ju bí ó ti yẹ lọ: kò lè fi ẹnu pe orúkọ àgbà, kò sì lè fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́.

Ní àkókò náà, Bàbá Oyèdòkun ń du oyè Ọ̀tún fún ìdílé rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin nìkan ni ó kù láyé tí ó mọ ẹni tí ó kọ́kọ́ jẹ oyè náà nínú wọn. Arúgbó náà jókòó ti Ìbíwùmí, ó ń sọ, Ìbíwùmí ń tẹ̀, títí ìtàn fi parí. Kò pẹ́, màmá náà re ibi àgbà ń rè. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò sí níbì kankan mọ́, àfi inú kọ̀ǹpútà.

Inú kọ̀ǹpútà, ẹ̀yin ènìyàn mi, dà bí agboolé ńlá: ilé pọ̀ nínú rẹ̀, ilé mìíràn sì tún wà nínú ilé. Bàbá méjì lè wà ní ilé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ láìsí ìjà. Ṣùgbọ́n nínú ilé kan ṣoṣo, ẹni méjì kì í jẹ́ orúkọ kan. Ìbíwùmí kọ́ ilé kan, ó pè é ní ‘Àwọn Àgbà’. Ó fi ìtàn náà síbẹ̀, ó sọ ọ́ ní ‘Bàbá’, nítorí Bàbá Oyèdòkun ni ó ni ín.

Ni Bàbá Láṣebìkan, àgbà mìíràn nínú ìlú, bá dé.

“Ìbíwùmí, bá mi tẹ ìkéde. Ẹran mi ti sọnù.”

“Ẹ pẹ̀lẹ́, Bàbá. Báwo ni ó ṣe rí?”

“Òbúkọ dúdú ni. Irùngbọ̀n rẹ̀ gùn ju tèmi lọ. Olórí kunkun ni, bí ìyá rẹ̀.”

Ó tẹ̀ ẹ́ tán, ó gbé e lọ sí ‘Àwọn Àgbà’, ó sọ òun náà ní ‘Bàbá’. Kọ̀ǹpútà béèrè pé: ‘Bàbá kan ti wà nínú ilé yìí. Ṣé kí èyí gba ipò rẹ̀?’ Ìbíwùmí rò ó: ta ni òun tí òun yóò sọ fún àgbà pé kò sí àyè? Ó tẹ ‘Bẹ́ẹ̀ ni’.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí àwọn tí ń du oyè yóò lọ sí ààfin, Bàbá Oyèdòkun wá gba ìwé rẹ̀. Ìbíwùmí tẹ̀ ẹ́ jáde láì wò ó, nítorí ọmọ tí a kọ́ kì í yọjú sí ọ̀rọ̀ àgbà. Ó ká a, ó kúnlẹ̀, ó fi fún un.

“Ó mà fúyẹ́ o!”

“Kọ̀ǹpútà máa ń fún ọ̀rọ̀ pọ̀ ni, Bàbá.”

Níwájú ọba àti àwọn ìjòyè, bàbá wọ awò ojú rẹ̀, ó fo àkọlé, ó gbé ohùn sókè: “Ó dúdú. Irùngbọ̀n rẹ̀ gùn. Olórí kunkun ni, bí ìyá rẹ̀.”

“Akọni!” ni ìjòyè kan wí. “Bẹ́ẹ̀ ni àwọn ará ìgbàanì ti rí.”

Orí bàbá wú. “Ó já okùn ní ọjọ́ ọjà, ó jẹ ewé alágbo, ó sì sá gba ẹ̀yìn ilé ìwé lọ.”

“Baba ńlá yín nìyẹn?”

“Ẹnikẹ́ni tí ó bá rí i, kí ó so ó mọ́lẹ̀, kí ó fún un ní èèpo iṣu.”

Ààfin wó fún ẹ̀rín. Ìdílé mìíràn ni wọ́n fún ní oyè.

Bàbá padà sí ṣọ́ọ̀bù. “Ìbíwùmí, ẹ̀gbọ́n mi dà?”

Ó ṣí gbogbo ilé, ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bàbá kan wà ní ilé Ṣọ́ọ̀ṣì, ó ń kí bíṣọ́ọ̀bù. Bàbá mìíràn wà ní ilé Ìgbéyàwó, ó ń tọrọ ìyàwó. Ó tú àkìtàn kọ̀ǹpútà, níbi tí ohun tí a parẹ́ ń lọ, wò. Kò sí nǹkan kan. Ẹni tí a gba ipò rẹ̀ kì í dé àkìtàn. Ńṣe ni ó dà bí ẹni tí a kò bí rí.

“Bàbá, ẹ dákun. N kò lè pe orúkọ yín ni.”

Bàbá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. “Bí o kò bá lè pè é, ṣé o kò lè yọjú wo inú ilé? O gba ẹnu ẹ̀gbọ́n mi, o fi fún òbúkọ.” Ó sunkún, kò sì sí ẹni tí ó mọ ohun tí a fi ń tù ú.

Láti ọjọ́ náà ni ìlú ti ń wí pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ òbúkọ ní orúkọ. Ṣùgbọ́n nígbàkígbà tí wọ́n bá pa òwe náà, ojú bàbá a máa ṣe omi. Nítorí àánú rẹ̀ ni àwọn àgbà ṣe mú òbúkọ kúrò, tí wọ́n fi ọmọ gba ipò rẹ̀: ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ ní orúkọ.