Ọjọ́ Mọ́kànlá Dókítà Silas

Bí ẹnìkan bá wà ní Sókótó ní ọdún 1956 tí kò tíì gbọ́ orúkọ Dókítà Silas Adéolú, onítọ̀hún kò ní ọmọ, tàbí kò ní etí. Dókítà fúnra rẹ̀ ni ó ń kéde ara rẹ̀. Oníṣègùn ọmọdé ni; ó kàwé lókè òkun, ó sì ti fún ara rẹ̀ ní oríkì kí ẹlòmíràn má baà ṣe wàhálà: "Èmi Agbọmọ-lọ́wọ́-ikú, Baba Ọmọ Gbogbo Òkè Ọya."

Ohun kan ni kì í sọ: kì í fọwọ́ kan ọmọ. Ẹ̀wù rẹ̀ funfun ju lékèélékèé lọ, ìtọ̀ ọmọdé kì í sì í bọ̀wọ̀ fún ẹ̀wù. Ẹnu ọ̀nà wọ́ọ̀dù ni yóò ti nawọ́ sí aláìsàn, yóò dárúkọ òògùn, yóò sì máa lọ. Nọ́ọ̀sì Josephine ni ó ń ṣe ìyókù. Ìyókù náà sì ni gbogbo iṣẹ́.

Nígbà tí ìròyìn dé pé ìjọba yóò yan ọ̀gá fún gbogbo oníṣègùn ọmọdé Òkè Ọya, oorun dá lójú Dókítà. Ipò náà gan-an ni ó ti ń lá lálàá láti ìgbà tí ó ti ń wo dígí. Ìgbìmọ̀ ń bọ̀ láti Kàdúná, Málàm Shehu ni olórí wọn. Wọn yóò sì gbọ́ ẹ̀rí iṣẹ́ rẹ̀ ní gbangba.

"Josephine, ọmọ wo ni àìsàn rẹ̀ le jù tí kò kú?"

"Ọmọ tí Indo ti àdúgbò Mabera bí ni, sà. Ọmọ ọdún méjì. Òtútù àyà ni. Ọjọ́ mọ́kànlá ni a fi..."

"Ó tó. Mo rántí rẹ̀ dáadáa. Ránṣẹ́ pe ìyá rẹ̀."

"Sà, ó yẹ kí ẹ mọ̀ pé ìyá rẹ̀ kọ́..."

"Ọdún mẹ́fà ni mo ti lò ní ìlú yìí. Kí ni ìwọ fẹ́ kọ́ mi nípa àwọn ènìyàn rẹ̀?"

Josephine jáde lọ ránṣẹ́. Ẹni tí ó ní òun mọ ọ̀nà, a kì í fà á lọ́wọ́.

Ọjọ́ pé. Ọyẹ́ ń fẹ́, ọgbà ilé ìwòsàn sì kún. Indo jókòó láàárín àwọn obìnrin, ó fi ìborùn bo ojú. Kulu, ìyá ọkọ rẹ̀, ni ó pọn ọmọ náà. Dókítà rò pé arúgbó náà kàn ń bá wọn gbé e ni.

Ó dìde, ó wú ikọ́ ẹ̀yẹ. "Ẹ̀yin ọlọ́lá, ọjọ́ mọ́kànlá ni n kò fi kúrò nídìí ibùsùn ọmọ yìí. Èmi wà lọ́tùn-ún, ìyá rẹ̀ yìí wà lósì." Ó nawọ́ sí Indo. "Ó ń sunkún, ó ń ké pe orúkọ ọmọ rẹ̀, èmi ni mo sì ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún."

Josephine túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Hausa. Kò fi ẹyọ ọ̀rọ̀ kan sílẹ̀. Indo kọ ẹ̀yìn sí wọn. Ẹ̀rín bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin.

Ìyàndá ará Ògbómọ̀ṣọ́, tí ń ta obì ní Kofar Marke, fi ìgbọ̀nwọ́ gún ẹnìkejì rẹ̀. "Dókítà ti gun ẹṣin, ìrù ni ó kọjú sí."

Málàm Shehu béèrè pé, "Ṣé àkọ́bí ni ọmọ náà?"

Dókítà yọjú wo káàdì ọmọ náà lọ́wọ́ Josephine. "Àkọ́bí ni, sà."

"Ní ìlú yìí, Dókítà, ìyá kì í pe orúkọ àkọ́bí rẹ̀, kì í sì í ṣìkẹ́ rẹ̀ lójú ènìyàn. Kunya ni à ń pè é, ìtìjú abiyamọ. Bí a bá ti já ọmọ náà lẹ́nu ọmú, ìyá ọkọ ni yóò gbà á tọ́. Ta ni ẹ wá rí tí ń sunkún?"

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ yóò bá a. Ti Dókítà kò tilẹ̀ lo ogún ìṣẹ́jú. Òógùn bò ó nínú ọyẹ́. Ó yíjú sí Kulu, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Ṣebí ẹ̀yin rántí mi, ìyá?"

Kulu wò ó láti òkè délẹ̀. "Ọjọ́ mọ́kànlá ni mo fi jókòó níbẹ̀. Nọ́ọ̀sì yìí ni mo rí. Ti ọkùnrin yìí, àwòrán rẹ̀ ni mo rí lára ògiri, nínú férémù aláwọ̀ wúrà. Mo rò pé olóògbé tí ó kọ́ ilé náà ni. Àràárọ̀ ni mo ń bẹ Ọlọ́run kí ó forí jì í."

Gbogbo ọgbà bú sẹ́rìn-ín. Málàm Shehu nìkan ni kò rẹ́rìn-ín; ó pa ìwé rẹ̀ dé.

"Ìgbìmọ̀ kò lè fi olóògbé jẹ ọ̀gá. Láti ọ̀la, Dókítà, ẹ óò lo ọjọ́ mọ́kànlá nínú wọ́ọ̀dù. Nọ́ọ̀sì Josephine ni yóò máa sọ ohun tí ẹ óò ṣe."

Kulu tún ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ pọ̀n. Ó ní, "Bí ó bá ṣe pé ọkùnrin yìí wà láàyè, ẹ sọ àwòrán náà kalẹ̀."

Kí oòrùn tó wọ̀, wọ́n ti sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Dókítà fúnra rẹ̀ ni ó bá wọn di àkàbà mú.