Eléwúro Kì Í San Ìṣákọ́lẹ̀

Kó-kó-kó! Kó-kó-kó!

Ẹ gbọ́ o! Ẹ gbọ́ o! Ẹ̀yin ará Ewúro, ẹ gbọ́ o! Tọmọdé tàgbà, tonílé tàlejò! Ẹni tó ń gúnyán, kó gbé ọmọ odó sílẹ̀! Ẹni tó ń fárí, kó dúró lápá kan! Aṣọ kò tíì gbẹ lórí okùn? Fi í síbẹ̀! Ọ̀rọ̀ tó délẹ̀ yìí ju ti aṣọ lọ.

Èmi Àkàngbé akéde ni. Ẹnu Kábíyèsí Eléwúro ni mo yá wá. Ẹ má bínú sí mi. Bí ẹ̀rín bá ń pa yín, ẹ fi ọwọ́ bo ẹnu. Èmi náà fi ọwọ́ bo tèmi láàfin ní àárọ̀ yìí, ẹ̀yìn Ọ̀tún ni mo sá sí.

Ẹ gbọ́ o! Kábíyèsí wa ti wọgbó lọ!

Ẹ má tíì figbe ta. Kábíyèsí wà láàfin, lórí àga rẹ̀, ara rẹ̀ le. Inú fóònù ni igbó náà wà. Géèmù ni. Ìlú Olódi ni orúkọ rẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ má ṣe bí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n. Gbogbo yín lẹ ń ṣe é, títí kan ọ̀gá ilé-ìwé tó máa ń ní ojú ọjọ́ lòun ń wò. Gbogbo ayé ló ń pàdé níbẹ̀. Olúkúlùkù á mú orúkọ tó wù ú, á sọ ara rẹ̀ di jagunjagun, á máa gẹṣin, á máa joyè. Ọ̀fẹ́ sì ni wíwọlé. Ọ̀fẹ́! Ọ̀fẹ́ ni wọ́n fi mú Kábíyèsí!

Ìgbà tí Kábíyèsí wọlé tán ni wọ́n tó sọ fún un pé ọ̀fẹ́ kò dé inú odi. Ẹni tó ń san owó oṣooṣù ló ń gba ẹnubodè kọjá. Òun ló ń gẹṣin. Òun ló ń wẹ̀wù. Ẹni tí kò san, ìta ni yóò wà. Ṣòkòtò kan ṣoṣo ni wọn yóò fún un, yóò sì ti ya lórúnkún. Igi ni yóò máa gé. Tó bá gé mẹ́wàá, yóò rẹ̀ ẹ́, yóò jókòó, yóò máa wo ìpolówó ọjà kí okun rẹ̀ tó padà. Ìpolówó ìlédìí ọmọdé ni wọ́n ń fi han Kábíyèsí. Ó ti wò ó títí ó fi mọ orin rẹ̀. Ní ìpàdé ìjòyè tó kọjá, Balógun ń sọ̀rọ̀ lórí kànga tó gbẹ, Kábíyèsí ni wọ́n gbọ́ tó ń kọ ọ́ lábẹ́nu: ìdí ọmọ gbẹ, ìyá ọmọ sùn. Gbogbo ìjòyè gbè é. Kí ni wọn ì bá ṣe?

Ẹ gbọ́ o! Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá le nìyí!

Ẹ mọ Ọlọ́gẹ̀dẹ̀. Ọba Ìdí-Ọ̀gẹ̀dẹ̀, aládùúgbò wa. Òun àti Kábíyèsí kò kí ara wọn mọ́ láti ọjọ́ tí wọ́n ṣí afárá odò, tí wọ́n gbé àga Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ síwájú, tí wọ́n gbé ti Kábíyèsí sí ẹ̀yìn òpó. Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ náà wà ní Ìlú Olódi. Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ ń sanwó! Ẹṣin wúrà ló ń gùn! Òfin géèmù yìí sì ni pé bí asanwó bá fọwọ́ kan ẹni tí kò sanwó, olúwa rẹ̀ gbọ́dọ̀ ru ẹrù fún un. Kò sí àríyànjiyàn. Ẹ tẹ fóònù títí, kò ní gbọ́.

Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ ti gbọ́ pé Kábíyèsí wà ní ìta odi. Ó ti ń fi ẹṣin wúrà wá a kiri. Ó ń pariwo kí gbogbo ayé gbọ́ pé òun ń wá ẹni tí yóò ru àpótí ìtìsẹ̀ òun! Kábíyèsí sì ti ba mọ́ ìdí ìrókò kan nínú igbó. Láàfin, bí ẹnikẹ́ni bá wúkọ́, Kábíyèsí á fi ìka lé ètè, kí ẹṣin má baà gbọ́.

Ẹ ó ní kí ló dé tí kò kàn pa fóònù. Mo bi Kábíyèsí bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní ọba kì í sá lójú ogun. Mo ní ṣé ẹni tó wà nínú igbó kò tíì sá ni? Wọ́n ní kí n lọ mú agogo mi.

Ṣùgbọ́n ẹ má rẹ́rìn-ín jù. Kábíyèsí ti búra. Níwájú ìjòyè gbogbo ló ti búra pé ọjọ́ tí òun bá fi orí tó ń dé adé ru ẹrù Ọlọ́gẹ̀dẹ̀, òun yóò bọ́ adé sílẹ̀, òun yóò máa lọ gbé lọ́dọ̀ ọmọ òun ní Ìbàdàn. Ẹ̀yin ará ilé mi, ẹ rántí! Nígbà tí ọba àná wàjà, ọdún mọ́kànlá la fi wà láìlọ́ba! Ìdílé mẹ́rin ló wà ní kóòtù! Lọ́yà ló jẹ ilẹ̀ ìlú tán! Ẹ̀gbọ́n àti àbúrò wà níbí tí wọn kò jọ jẹun títí dòní. Mo ń ṣe yẹ̀yẹ́ o, ṣùgbọ́n ẹ̀rù bà mí dénú eegun. Ọba yìí dára. Ọba tó ń kọrin ìlédìí sàn ju ọba tó ń ta ilẹ̀ lọ.

Ṣé kó kúkú san owó ọ̀hún ni? Ẹ gbọ́ o! Ìjòyè ti jókòó lé e lórí. Ìyálóde ní kí Kábíyèsí san án kí gbogbo wa sinmi, owó náà kò ju owó búrẹ́dì mẹ́ta lọ. Ọ̀tún ní géèmù mìíràn wà tó jẹ́ pé èèyàn á rà á lẹ́ẹ̀kan, á di tirẹ̀ títí láé, kí Kábíyèsí kó lọ síbẹ̀. Balógun ní kò sí ìdí láti san oṣooṣù rárá, ká kàn ra ẹ̀wù kan fún Kábíyèsí ní ṣọ́ọ̀bù inú géèmù, kí orúnkún ọba yé hàn sáyé.

Kábíyèsí kọ̀. Ó kọ̀ jálẹ̀! Ó ní kí wọ́n sọ fún òun: owó tí èèyàn ń san lóṣooṣù fún onílẹ̀, kó lè máa rí ibi dúró sí lórí ilẹ̀ onílẹ̀, kí ni à ń pè é? Òun fúnra rẹ̀ ló dáhùn. Ìṣákọ́lẹ̀ ni! Ìṣákọ́lẹ̀ pọ́ńbélé! Ta ní ń san ìṣákọ́lẹ̀? Àlejò tí wọ́n fún ní oko dá! Bí Eléwúro bá san ìṣákọ́lẹ̀ fún onígéèmù, onígéèmù ló ni Eléwúro nìyẹn. Òun ló ni ààfin. Òun ló ni èmi àti ẹ̀yin àti adìẹ tó ń jẹ̀ níwájú yín. Baba ńlá Kábíyèsí kò fi iṣu kan ṣoṣo san án fún ẹnikẹ́ni rí. Òun náà kò ní fi káàdì báńkì san án.

Ọ̀nà kan ló kù. Òfin géèmù ní ẹni tí kò sanwó, bó bá lè kó ẹgbàárùn-ún igi jọ sí ẹnubodè, wọn yóò ṣí i fún un fún odidi oṣù kan, wọn kò ní gba kọ́bọ̀. Ẹgbàárùn-ún igi! Igi mẹ́wàá, ìsinmi, ìlédìí! Igi mẹ́wàá, ìsinmi, ìlédìí! Bí Kábíyèsí bá dá a gé, ọmọ tí wọ́n ń polówó ìlédìí fún yóò ti gbéyàwó.

Ìdí nìyí tí Kábíyèsí fi pàṣẹ ọ̀wẹ̀.

Àṣẹ kìíní! Ilé kọ̀ọ̀kan ní Ewúro yóò mú fóònù kan wá síwájú ààfin lọ́la. Ẹ ó wọ Ìlú Olódi, ẹ ó gé igi, ẹ ó kó o sí ẹnubodè ní orúkọ Kábíyèsí. Òkè-Odò ní àárọ̀, Ìsàlẹ̀-Kànga ní ọ̀sán. Dátà dọwọ́ yín. Ẹni tí kò bá wá, a ó gbé àga rẹ̀ kúrò ní gbọ̀ngàn ìlú, ìdúró ni yóò máa ṣèpàdé títí ọdún yóò fi yí po. Baba Láníhùn, ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti gbọ́ ṣáájú, tẹ́ ẹ gbé àáké gidi dé ẹnu ọ̀nà ààfin láti ìdájí, a dúpẹ́, bàbá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gé máńgòrò Kábíyèsí mọ́. Méjì ti lọ.

Àṣẹ kejì! Ẹnikẹ́ni ní Ewúro kò gbọdọ̀ san owó oṣooṣù. Ì báà ṣe lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì! Ì báà ṣe ọmọ rẹ ní Lọ́ńdọ̀nù ló san án fún ọ! Ọ̀dàlẹ̀ ni. Ìjìyà rẹ̀ ni pé yóò máa dọ̀bálẹ̀ kí ewúrẹ́ Kábíyèsí ní àràárọ̀, kò sì gbọdọ̀ dìde títí ewúrẹ́ yóò fi dá a lóhùn.

Àṣẹ kẹta! Ẹni tó bá ti sanwó kí àṣẹ yìí tó dé, tó ń gẹṣin lọ, tó bá rí ẹni tó wọ ṣòkòtò yíya, kó sọ̀ kalẹ̀, kó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Obìnrin, kó kúnlẹ̀. Ó lè jẹ́ Kábíyèsí! Mo mọ̀ pé ṣòkòtò kan náà ni gbogbo ẹni tí kò sanwó ń wọ̀. Mo sọ fún wọn. Wọ́n ní ìkíni kì í ṣòfò. Àwọn ọmọ Agboolé Aláró ti gbọ́ fínrín rẹ̀, wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ láti àná. Ọmọdé kan ní ilẹ̀ Bùràsíìlì ti gba ìdọ̀bálẹ̀ tó lé ní ogójì, ó ń kọ̀wé béèrè ohun tí òun ṣe.

Àṣẹ kẹrin! Wọ́n ti fagi lé ìkẹrin. Ìyálóde ló fagi lé e. Ẹ má bi mí.

Àṣẹ karùn-ún! Láti òní lọ, ẹnikẹ́ni tó bá...

Ẹ dúró ná. Fóònù mi ń gbọ̀n. Ààfin ni. Ohùn ni wọ́n fi ránṣẹ́. Ẹ dákẹ́, ẹ jẹ́ kí n gbé e sétí.

Yéè! Yéè, Ewúro! Ẹ bá mi di agogo mú!

Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ ti rí Kábíyèsí!

Ẹ fara balẹ̀! Ìyá Ìbejì, ẹ dìde nílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ gẹṣin wúrà dé ìdí ìrókò. Ó rí ẹsẹ̀ Kábíyèsí. Ó na ọwọ́. Ó kù díẹ̀ báyìí kó fọwọ́ kàn án. Ẹṣin pòórá! Mo ní ẹṣin pòórá lábẹ́ rẹ̀! Oṣù ti pé! Owó ti tán! Ẹ̀wù wúrà pòórá, idà pòórá, ọba odidi ìlú já lulẹ̀ gbì nínú ṣòkòtò yíya! Àṣé káàdì olorì rẹ̀ ló ń yọ́ fi san án. Olorì ti lọ sí báńkì. Olorì ti pa káàdì!

Ewúro, ẹ jó! Ẹ jó díẹ̀. Ó tó. Ó tó, mo ní ọ̀rọ̀ ṣì kù.

Wọ́n ní Kábíyèsí jáde nínú igbó. Òun àti Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ wo ara wọn, orúnkún ń wo orúnkún. Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ kò gé igi rí láyé rẹ̀. Àkọ́kọ́ tó gé, orí ara rẹ̀ ló wó lé. Kábíyèsí rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ọlọ́gẹ̀dẹ̀ náà rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni Kábíyèsí bẹ̀rẹ̀, ó gbé igi náà kúrò lára rẹ̀, ó sì fi orí ara rẹ̀ rù ú fún un.

Bẹ́ẹ̀ ni. Ó ru ẹrù Ọlọ́gẹ̀dẹ̀! Ààfin dàrú. Ọ̀tún bú sẹ́kún. Balógun ti ń ka orúkọ ìdílé mẹ́rin, ó ti ń wá nọ́ńbà lọ́yà. Kábíyèsí ní kí wọ́n jókòó. Ó ní ẹrù tí wọ́n bá fi ipá gbé ka èèyàn lórí ni òun búra lé. Ó ní èyí tí èèyàn bá fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbé fún aládùúgbò, tí aládùúgbò yóò wá gbé tirẹ̀ fún un lọ́la, àáró ni. Òun kò sì fìgbà kan búra lórí àáró. Adé wà lórí! Kábíyèsí kò lọ síbì kankan! Kò sí Ìbàdàn! Kò sí kóòtù!

Ẹ má wò mí. Eruku ló kó sí mi lójú. Irọ́ ni, kì í ṣe eruku. Inú mi dùn ni.

Nítorí náà, ẹ gbọ́ o! Ọ̀wẹ̀ ti parí kó tó bẹ̀rẹ̀! Kábíyèsí ní ẹnubodè ọ̀hún kò wu òun mọ́. Ẹni tó bá fẹ́ san oṣooṣù, kó san án, kó má kàn fi káàdì ẹlòmíràn san án. Ẹni tó bá fẹ́ ra ẹ̀wù, kó rà á. Ẹni tí kò ní, kó gé igi, igbó fẹ̀. Àṣẹ kan ṣoṣo ló kù nílẹ̀ ní Ewúro àti ní Ìdí-Ọ̀gẹ̀dẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi àáké kan ìrókò tó wà ní apá ọ̀tún ọ̀nà, ní ìta odi Ìlú Olódi. Ọba méjì jókòó sábẹ́ rẹ̀, ọ̀rọ̀ ọdún púpọ̀ ni wọ́n ń sọ, wọn kò tíì débi afárá. Ẹni tó bá dá wọn lọ́wọ́ kọ́, ìjìyà rẹ̀ le: òun ni yóò lọ sọ fún olorì méjèèjì pé oúnjẹ ti tutù.

Ẹnu tí mo yá, mo ti dá a padà fún ẹni tó ni ín. Ẹsẹ̀ tèmi ló rìn ín. Ẹni tó gbọ́, kó wí fún ará ẹ̀yìnkùlé. Àkàngbé relé o. Kó-kó-kó!