Afínjú Olówàrà Gba Àlejò

Ká ní ẹnu ṣeé fi fọ korobá ni, korobá ọkùnrin yìí ì bá máa dán gbinrin. Afínjú Olówàrà ló sọ ara rẹ̀. Kò sẹ́ni tó bá a sọ ọ́. Màlúù mẹ́ta péré ló ní, ariwo ẹnu rẹ̀ tó ti ọgọ́rùn-ún.

"Ẹ kọ́kọ́ lọ wo wàrà àwọn ọ̀bùn yòókù," á ní, "kí ẹ tó wá wo tèmi!"

Ilé-iṣẹ́ kan wá ń wá ẹnì kan ṣoṣo ládùúgbò, tí wọn yóò máa ra wàrà lọ́wọ́ rẹ̀ lójoojúmọ́. Afínjú ti sọ fún gbogbo ayé pé òun ni. Wọ́n bá rán ìyá kan wá wo bó ṣe ń fún wàrà.

Ẹ wá wo ìmúra! Kóòtù funfun, ìbọ̀wọ́ funfun, àfi bíi dókítà tó fẹ́ ṣiṣẹ́ abẹ. Ó fi ìbọ̀wọ́ yẹn gbá màlúù nídìí, ó fi họ imú, ó fi ti ìrù tó kún fún ìgbẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó wá kọjú sí ọmú màlúù.

"Ẹ ò ní fọ ọmú yẹn ni, sà?" ìyá náà bi í.

"Ẹ ṣáà máa wòran, mà. Èmi mà ni Afínjú!"

Eṣinṣin kan já sínú wàrà. Ó ti ìka bọ̀ ọ́, ó yọ ọ́ dànù, ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó wá ku kó sẹ́ wàrà. Asẹ́ dà? Kò sí! Ló bá fa aṣọ ìnujú tó ti fi ń nu òógùn láti àárọ̀ yọ lápò, ó tẹ́ ẹ bo ẹnu korobá. Ọ̀bùn aláìnítìjú!

"Ó dáa," ni ìyá náà wí. "Ẹ mu díẹ̀ níbẹ̀ ká rí i."

Afínjú fà sẹ́yìn. "Èmi kẹ̀? Wàrà kì í bá mi lára mu, mà. Ẹ bi ìyàwó mi!" Ó figbe ta. "Ìyàwó mi o! Wá sọ fún àlejò wa, wàrà tí ò ń mu láràárọ̀, ṣé ó dáa àbí kò dáa?"

Ìyàwó jáde, ó kúnlẹ̀ kí àlejò, ìgò òfìfo lọ́wọ́ rẹ̀. "Ó dáa gan-an ni, mà. Ó mọ́, ó tún dùn."

Afínjú gbé àyà sókè. "Ẹ ò gbọ́ nǹkan?"

"Ọ̀dọ̀ opó ojúlé kejì ni mo ti ń rà á," ìyàwó ní.

Ìyá náà gbé báàgì rẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ júwe ilé opó yẹn fún mi."

"Ẹ jẹ́ ká jọ lọ, mà. Ibẹ̀ náà ni mò ń lọ yìí."