Itan Adìyẹ Bàbá

Itan adìyẹ kan ṣoṣo ló kù nínú ìkòkò ọbẹ̀. Bàbá Kápẹ́ńtà, ẹni ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́rin, ti gbé àpótí ìjókòó ti sítóòfù bí ẹni ń ṣọ́ ilé. Ọmọ rẹ̀ obìnrin, nọ́ọ̀sì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ tibi iṣẹ́ dé, ṣí ìkòkò, ó na ṣíbí sí itan náà.

"Fi í sílẹ̀. Tèmi ni."

"Bàámi, ọrùn lẹ máa ń jẹ. Ẹ ní òun lẹ fẹ́ràn."

"Irọ́ ni mo ń pa. Ó ti tó àádọ́ta ọdún tí mo ti ń pa á."

Nọ́ọ̀sì ní ọmọ òun ló ni itan, torí ó ń dàgbà. Ó ní kí bàbá ṣe sùúrù, sùúrù ni baba ìwà.

"Ìwà yẹn ti bímọ, ó ti rí ọmọ-ọmọ, baba rẹ̀ ò tíì jẹ itan. Lẹ́yìn ogun, nígbà tí mo wà ní kékeré, adìyẹ kan la fi ń bọ́ ọmọ mẹ́sàn-án, ìyẹn tó bá wà. Bàbá wa ló ń jẹ itan. Àwa á jókòó sílẹ̀, a ó máa wò ó lẹ́nu. Mo ní kò burú, èmi náà á di bàbá."

"Ẹ sì di bàbá."

"Mo di bàbá tán, wọ́n ní ayé ti yí, ọmọ ni kó máa jẹ itan. Ta ló ṣe ìpàdé yẹn? Wọn ò ránṣẹ́ pè mí."

Ẹ̀rín fẹ́ pa nọ́ọ̀sì, àmọ́ ojú bàbá rẹ̀ ò jọ ti eré. Ó bu itan sáwo, ó fọwọ́ méjèèjì gbé e fún un. Ó wá jẹ́wọ́ pé ọmọ náà ò jẹ ẹran mọ́ láti oṣù tó kọjá, pé inú yàrá ló ti ń jẹ ewébẹ̀, òun àti fóònù rẹ̀. Òun kàn ń bu ẹran sí i bóyá á yí ọkàn padà ni.

"Ta wá ni mo ń bá du itan láti àárọ̀?"

"Ẹ̀yin nìkan ni, sà."

Bàbá gé e jẹ. Ó dúró, ó wo yíká ilé ìdáná. Ojú rẹ̀ fà ro.

"Kò dùn bí mo ṣe rò."

"Ṣé iyọ̀ ni?"

"Iyọ̀ pé. Kò sẹ́ni tó ń wò mí lẹ́nu ni. Jókòó sílẹ̀ níbí."

Nọ́ọ̀sì, ẹni ọdún méjìdínláàádọ́ta, jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó tẹjú mọ́ bàbá rẹ̀ lẹ́nu. Bàbá tún gé e jẹ. Ó tújú ká.

"Ó ti ń dùn bọ̀. Gbé itọ́ mì díẹ̀."