Bàbá Adarí Eré Ní Kí N Jágbe Mọ́ Òun

Títí di òní, bí mo bá rántí ọjọ́ tí mo fẹ́ di òṣèré ní Chicago, ńṣe ni mo máa ń fọwọ́ bojú. Ọsibítù kan ní Evanston ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Ọkùnrin kan tó ń wá òṣèré rí mi níbi tí mo ti ń jẹun, ó ní ojú mi dára fún ipa kékeré nínú fíìmù tí bàbá kan láti orílẹ̀-èdè Slovakia ń ṣe nílùú wa. Kí ọjọ́ náà tó parí, gbogbo ẹgbẹ́ àsálátù wa ní Matteson ti gbọ́ pé àwọn máa rí mi nínú fíìmù. Ẹnu mi ni wọ́n ti gbọ́ ọ.

Kí ojú má baà tì mí, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìtàn iṣẹ́ bàbá náà lórí fóònù. Láti kékeré ló ti ń ṣeré ní tíátà, ẹ̀ṣọ́ tí kì í sọ̀rọ̀ ni wọ́n máa ń fún un ṣe. Ó dé orí tẹlifíṣọ̀n, ó di gbajúmọ̀, ó sì di adarí eré. Wọ́n ní bí eré rẹ̀ kan bá ti ń lọ lọ́wọ́, ìgboro á dá páropáro. Ó ti lé lẹ́ni àádọ́rin ọdún báyìí, síbẹ̀ ó ṣì ń darí eré, ó sì ń kópa nínú rẹ̀. Bí mo ṣe ń kà á ni bàbá náà ń tóbi lójú mi, mi ò sì mọ̀ pé ohun tó máa kó bá mi nìyẹn.

Nínú fíìmù náà, bàbá fúnra rẹ̀ ló ṣe onílé, èmi ni ayálégbé tó ń bínú. Kí n wọlé, kí n jágbe mọ́ ọn, kí n fọwọ́ òsì na kọ́kọ́rọ́ sí i, torí fóònù wà lọ́wọ́ ọ̀tún mi. Òun á dákú, èmi á jáde láìwẹ̀yìn. Kò ju ìṣẹ́jú kan lọ.

Mo wọlé, mo rí irun funfun, ọwọ́ mi ti kanlẹ̀.

"Cut," bàbá wí. "Kí lò ń wá nílẹ̀?"

"Sorry, sir. Mò ń kí yín ni."

"Ayálégbé tó ń bínú kì í kí èèyàn."

Kò tíì dé Ìbàdàn ni. Lọ́dọ̀ tiwa, èèyàn á kí onílé tán kó tó bú u.

Ẹ̀ẹ̀kejì, mi ò kí i, àmọ́ ọwọ́ òsì kọ̀, kò lọ síwájú àgbàlagbà. Níbi tí mo ti ń pààrọ̀ ọwọ́, fóònù bọ́, ojú rẹ̀ sì fọ́. Fóònù tiwọn ni. Ẹ̀ẹ̀kẹta, mo jágbe lóòótọ́: "Ilé yín ń jò, sir. Mò ń kó lọ lónìí, sir." Obìnrin tó ń gbé iná jókòó sílẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀ẹ̀kẹrin ni bàbá wá ṣubú. Ó mọ̀ ọ́n ṣe débi pé mo gbàgbé kámẹ́rà, mo di ọrùn ọwọ́ rẹ̀ mú, mo ní, "Daddy, ẹ pẹ̀lẹ́, can you hear me? Ẹ pe ambulance."

Ó la ojú kan. "Mi ò kú. Eré yìí ló ń kú lọ."

Ó jókòó tì mí. Ó ní nígbà tí òun wà léwe, wọ́n ní kí òun gbá ọ̀gá òun létí lórí ìtàgé, òun ò lè gbá a.

"Ẹ wá ṣe é báwo, sir?"

"Ọ̀sẹ̀ méjì ni mo fi kọ́ ọ. Ọ̀sán yìí nìkan ni èmi àtìwọ ní."

Ó bọ̀ mí lọ́wọ́, wọ́n pe ẹlòmíì. Ó dùn mí gan-an, àmọ́ mi ò sọ fún ẹnikẹ́ni nílé.

Nígbà tí fíìmù jáde, ẹgbẹ́ àsálátù kún pálọ̀ wa. A dé ibi ìjà náà, ẹ̀yìn ayálégbé nìkan la rí.

"Èmi nìyẹn," mo wí. "Wọn ò ya ojú mi ni."

Ìyàwó mi wò ó dáadáa. "Daddy Kafayat, ẹ̀yìn yẹn ga ju tiyín lọ."

Gbogbo pálọ̀ bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀kọ́ ilé kì í ṣe bàtà tí à ń bọ́ sẹ́nu ọ̀nà, mo ti gbà bẹ́ẹ̀. Ẹni tí kò bá sì lè bọ́ ọ, kó ṣeré náà tán kó tó pe èrò. Èmi náà bá wọn rẹ́rìn-ín, kí n má baà sunkún.