Òkòtó Yanrìn Ọ̀jọ̀gbọ́n Rúlà

“Àbúrò mi, ìdajì kì í ju ìdajì lọ. Ìwọ mú ti òkè, kí èmi mú ti ìsàlẹ̀. Mo ti wọ̀n ọ́n.”

Ọ̀jọ̀gbọ́n Rúlà ló ń sọ̀rọ̀ níwájú òkìtì yanrìn tí ọkọ̀ dà sẹ́nu ọ̀nà ìyá wọn. Kò sí ilé ẹ̀kọ́ gíga tó fi í joyè Ọ̀jọ̀gbọ́n. Ẹnu ara rẹ̀ ló fi jẹ ẹ́. Olùkọ́ ìṣirò ni, rúlà kì í sì í kúrò nínú àpò àyà rẹ̀. Bí wọ́n bá bu ẹran fún un, a kọ́kọ́ fi rúlà wò ó bóyá ti ẹni ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kò gùn jù ú.

A-wọn-tìrẹ-kéré, ọmọ A-wọn-tèmi-pọ̀! Ọ̀mọ̀wé tí ń wọn òjìji ara rẹ̀ láàárọ̀ kí inú rẹ̀ lè dùn di alẹ́!

Ìyá wọn ló ra yanrìn náà fún àwọn méjèèjì. Aránṣọ ni àbúrò rẹ̀ obìnrin. Eruku ilẹ̀ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ti sọ aṣọ funfun àwọn oníbàárà di aláwọ̀ méjì, àwọn kan sì ti ń kó aṣọ wọn lọ síbòmíràn. Bí kò bá rí yanrìn fi ṣe ilẹ̀ náà, iṣẹ́ fẹ́ bọ́. Ọ̀jọ̀gbọ́n ní tirẹ̀ fẹ́ mọ òpó géètì méjì tí yóò ga ju ti gbogbo àdúgbò lọ. Kò sí ògiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó náà o. Òpó nìkan.

Bí òkòtó tí a dojú rẹ̀ délẹ̀ ni òkìtì náà rí: orí ṣóńṣó, ìdí róbótó. Bí a bá là á láti ṣóńṣó orí dé ilẹ̀, ojú ibi tí a gé yóò jẹ́ onígun mẹ́ta, ìhà méjèèjì yóò sì dọ́gba. Bí a bá gé e ní ìbú, ojú rẹ̀ yóò jẹ́ òbìrìkìtì. Bí ó bá sì jẹ́ agbedeméjì gíga rẹ̀ la ti gé e, ìdá kan péré nínú mẹ́jọ ni yóò wà lókè. Ọdọọdún ni Ọ̀jọ̀gbọ́n ń kọ èyí sójú pátákó. Ọjọ́ yìí nìkan ni kò rántí.

Ó ri ọ̀pá sáàárín òkìtì, ó wọ̀n ọ́n, ó sì fa okùn funfun yí i ká ní agbedeméjì. Nígbà tiwa, akẹ́kọ̀ọ́ tó bá ṣe èrú ni olùkọ́ ń fi rúlà gbá lọ́wọ́. A kò mọ̀ pé a lè fi rúlà gan-an ṣe èrú.

“Bùọ̀dá, ti òkè yìí mà dà bí fìlà lásán.”

“Ojú ló ń tàn ọ́. Gíga ti òkè rèé, gíga ti ìsàlẹ̀ rèé. Èwo ló ju èkejì?”

“Kò sí.”

“Ìwọ tó ń fi wíwọn ìbàdí jẹun, o kò wá mọ ìdajì?” Ó yíjú sí wa. “Ẹ jẹ́rìí, ará àdúgbò. Ẹni tó bá ní wọn ò dọ́gba, kó padà sí kíláàsì.”

A jẹ́rìí.

Ìyá wọn, tí ó ti jókòó sórí àpótí, mi orí. “O ṣeun, olùkọ́. Wọ́n dọ́gba?”

“Kò sí àríyànjiyàn, Màámi.”

“Ó tẹ́ mi lọ́rùn. Ṣé ẹ rántí bí ẹ ṣe ń pín nǹkan nílé yìí nígbà tẹ́ ẹ wà ní kékeré? Ẹni tó bá pín ló ń mú gbẹ̀yìn. Aránṣọ, mú èyí tó bá wù ẹ́.”

“Mo mú ti ìsàlẹ̀.”

Rúlà jábọ́ lọ́wọ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n. “Màámi, ẹ dúró ná. Kò lè mú ti ìsàlẹ̀. Ìlọ́po méje ti òkè ni.”



“Ìlọ́po kí ni?” ni ìyá rẹ̀ bi í.

“Méje.” Ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀ sí ìdá kan nínú mẹ́jọ.

“Bùọ̀dá, ṣebí ìdajì kì í ju ìdajì lọ?” ni aránṣọ wí.

“Ẹ jẹ́ kó padà sí kíláàsì,” ni onígbàjámọ̀ òdìkejì wí, ẹ̀rín sì gba ojú ọ̀nà kan.

“Báwo ni à bá ti gé e kó tó dọ́gba?” ni ìyá wọn bi í.

Ó wolẹ̀. “Láti orí wá sílẹ̀, Màámi.”

“O mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀?”

“Mo mọ̀ ọ́n.”

“Tó bá jẹ́ àṣìpín ni, ǹ bá ní ká tún un pín. Mímọ̀ lo mọ̀ ọ́n. Gbé fìlà rẹ.”

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, bí wọ́n ti ń po sìmẹ́ǹtì lẹ́nu ṣọ́ọ̀bù aránṣọ, Ọ̀jọ̀gbọ́n mú ìgbálẹ̀ jáde. Ó gbá yanrìn tó fọ́n sójú ọ̀nà jọ, ó dà á lé díẹ̀ tirẹ̀ lórí. Òkìtì náà tún ṣe ṣóńṣó bí òkòtó. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó sì fi ẹsẹ̀ tẹ́ ẹ pẹrẹsẹ.