Eyín Màmá Lórí Páànù

Bí mo ṣe dàgbà tó yìí, Sátidé kan wà tó kọ̀ tí kò kúrò lọ́kàn mi. Ọmọ ọdún méje ni mí nígbà náà, nílé wa ní Àgùdà, ọmọ tó gbọ́dọ̀ mọ ìdí gbogbo nǹkan. Màmá, ìyá bàbá mi, ni mo máa ń da ìbéèrè bò. Òun ló sọ fún mi pé láti ìgbà tóun wà lọ́mọdé, tí wọ́n ń fi koríko bo ilé, bí eyín ọmọ bá yọ, á jù ú sórí òrùlé, á sì ju òkúta wẹ́wẹ́ tẹ̀ lé e, iye ọdún rẹ̀ gẹ́lẹ́. Alángbá ò gbọdọ̀ rí i o! Bí ó bá rí i, òmíràn ò ní hù.

Lọ́jọ́ náà, àwọn àna ń bọ̀ wá tọrọ Àǹtí Bísí, àbúrò bàbá mi, Màmá ni yóò sì dá wọn lóhùn. Màmá wà ní balùwẹ̀ nígbà tí mo yọjú sí yàrá rẹ̀. Odidi eyín òkè ni mo rí nínú ife omi! Gbogbo eyín Màmá yọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kò sì sọ fún ẹnikẹ́ni. Àánú rẹ̀ ṣe mí gan-an. Mo gbé e jáde, mo wò yíká, kò sí alángbá, mo bá jù ú sórí páànù.

Ó wá ku òkúta. N kò mọ ọjọ́ orí Màmá, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé méje ò lè tó o. Mo ṣa abọ́ kan kún, mo ń jù wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Páànù ń dún gbàà, gbàà.

Àǹtí Bísí sáré jáde. "Ta ló ń sọ̀kò? Ṣé orí ẹ pé ṣá?"

"Àǹtí, ẹ jẹ́ n ṣe tán. Eyín Màmá ni."

Bí Màmá ṣe gbọ́, ó ti ilẹ̀kùn mọ́rí. Ó ní òun ò ní fi ẹnu òfìfo dá àna lóhùn, kí wọ́n padà sílé wọn. Àǹtí bú sẹ́kún, àwọn àna sì ti dé ẹnu ọ̀nà.

Ọkọ ìyàwó ló fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Kí ló ṣẹlẹ̀?" Mo jẹ́wọ́. Ó bọ́ agbádá, ó gun ògiri, ó gba ibẹ̀ bọ́ sórí òrùlé. Ó rí eyín. Ìṣó sì rí ṣòkòtò rẹ̀, ó ya á láti ìdí dé orúnkún. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe dọ̀bálẹ̀ ní pálọ̀, tí àwọn obìnrin ń fi gèlè bojú.

Màmá fọ eyín, ó wọ̀ ọ́, ó jáde. "Ẹ̀yin àna wa, ẹ má bẹ̀bẹ̀ mọ́. Ẹni tó lè gun òrùlé nítorí eyín mi, ọmọ mi ò ní jìyà lọ́dọ̀ rẹ̀."

Ìyà tèmi kò yẹ̀ o, bàbá mi nà mí dáadáa. Ìgbà yẹn ni mo kọ́gbọ́n pé kí èèyàn tó ṣàánú ẹni, kó kọ́kọ́ bi í bóyá nǹkan ṣe é. Inú ẹkún yẹn náà ni mo ti bèèrè pé, "Màmá, òkúta mélòó ló yẹ kí n jù gan-an?"

Màmá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Òun náà ò mọ̀ ọ́n. Nígbà tí wọ́n bí i, kò sẹ́ni tó kọ ọjọ́ náà sílẹ̀. Ó ti kú tipẹ́, mo ṣì ń fi ara mi rẹ́rìn-ín, mo sì ṣì fẹ́ mọ̀.